Ìwé Ìròyìn Wa Lórí Bẹ́ǹṣì Àlhájà

Nígbà tí èmi àti ìyàwó mi bẹ̀rẹ̀ ìwé ìròyìn wa nínú pálọ̀ ilé wa ní Festac, àwọn ọ̀rẹ́ wa sọ pé orí fóònù ni gbogbo ayé ti ń ka ìròyìn báyìí. A kò bá wọn jiyàn. Òyìnbó la fi ń kọ ọ́, nítorí ní títì wa nìkan, Ìgbò ń bẹ, Ẹdó ń bẹ, Ìjẹ̀bú ń bẹ, òyìnbó sì ni gbogbo wa fi ń bára wa jà tí àgbàrá bá wọ àdúgbò. Kò sí olóṣèlú tó lè pàṣẹ ohun tí a máa kọ. Ìyàwó mi ń ya fọ́tò, èmi ń kọ̀wé, a sì jọ máa ń jiyàn lórí kọ́mà títí ọbẹ̀ á fi jóná. Kò sí ọjọ́ tí inú mi máa ń dùn tó ọjọ́ tí a bá lọ kó ìwé náà lọ́dọ̀ àwọn atẹ̀wé ní Ṣómólú.

Àlhájà kan wà ní Mazamaza tó ń ta mílíìkì, ṣúgà àti búrẹ́dì. Kò sí ọ̀sẹ̀ tí kì í ra ìwé wa, bẹ́ẹ̀ kò gbọ́ òyìnbó. Mo ní ó dájú pé ó ń fi í pọ́n búrẹ́dì ni.

Ìyàwó mi ní, "Ẹni tó bá ra búrẹ́dì á kà á."

Ní ọ̀sán Sátidé kan, ẹni tó ń bá wa pín ìwé lọ síbi ìgbéyàwó àbúrò rẹ̀, mo bá gbé ti Àlhájà lọ fúnra mi. Mo bá àwọn oníbàárà rẹ̀ lórí bẹ́ǹṣì níwájú ṣọ́ọ̀bù. Bàbá kan tó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ gba ìwé náà lọ́wọ́ mi, ó wọ awò ojú rẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í kà á sókè fún wọn ní Yorùbá. Kò sẹ́ni tó bi mí ẹni tí mo jẹ́. Mo rọra jókòó.

Ìròyìn tí mo kọ nípa nọ́ọ̀sì àgbà kan ní Alákijà ló ń kà. Obìnrin náà ti lé ní àádọ́rin ọdún kó tó kọ́ mọ́tò wíwà. Mo ti kọ ọ́ pé ó fi ẹ̀yìn mọ́tò gbá géètì ilé rẹ̀. Bàbá ní, "Màmá fi ìdí mọ́tò kí géètì, géètì sì dáhùn." Ẹ̀rín gba ibẹ̀ kan. Èmi náà rín títí omi fi bọ́ lójú mi. Ó dùn ju bí mo ṣe kọ ọ́ lọ.

Bàbá wá dé ibi tí nọ́ọ̀sì ti sọ ohun tó fà á. Nígbà tó wà ní ọ̀dọ́, obìnrin kan ń rọbí ládùúgbò wọn nínú òjò ńlá. Mọ́tò wà nílẹ̀, ṣùgbọ́n ẹni tó ni ín ti rìnrìn àjò, kò sì sí ẹlòmíì tó mọ̀ ọ́n wà. Orí ìjókòó ẹ̀yìn mọ́tò ọ̀hún ni nọ́ọ̀sì ti gbẹ̀bí obìnrin náà, ló bá búra pé òun á kọ́ mọ́tò lọ́jọ́ kan.

"Ẹ dúró ná, sà," Àlhájà ní. "Ṣé wọ́n sọ àwọ̀ mọ́tò náà?"

Bàbá wo ìwé. "Pupa, ni wọ́n kọ síbí. Ti tíṣà kan ni."

Àlhájà jókòó. "Èmi ni mo bímọ nínú mọ́tò yẹn," ó ní. "Àkọ́bí mi ni. A kó kúrò ládùúgbò náà kí ọmọ tó rìn. Nígbà tí mo padà lọ, wọ́n ní ìjọba ti gbé nọ́ọ̀sì lọ sílùú míì. Mo wá a títí ó fi sú mi."

Ìgbà yẹn ni mo tó sọ pé èmi ni mo kọ ọ́. Mo pe nọ́ọ̀sì, mo ṣàlàyé fún un, mo sì gbé fóònù fún Àlhájà. Ẹkún ni wọ́n kọ́kọ́ fi kí ara wọn. Lẹ́yìn náà mo gbọ́ ohùn nọ́ọ̀sì pé, "Ọmọ mi ńkọ́?"

"Ó ti di ìyá ọlọ́mọ, mà. Ijegun-Egba ló ń gbé."

"Mò ń bọ̀. Ẹ má wá mú mi, mo máa wakọ̀ wá."

Ó sì wà á wá ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, àwọn tó wà lẹ́yìn rẹ̀ ń fọn fèrè, kò dá wọn lóhùn. Ó di ọmọ Àlhájà, tó ti wá dúró dè é ní ṣọ́ọ̀bù, lórí mú, ó wò ó títí. "Ìwọ lo ké lọ́jọ́ yẹn tí a kò gbọ́ ìró òjò mọ́."

Níbi tí ìyàwó mi ti ń ya fọ́tò, mo sọ fún Àlhájà pé a ń rò ó láti máa tẹ ìwé náà ní Yorùbá.

"Ẹ fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, Bọ̀dá," ó ní. "Tó bá di Yorùbá, kálukú á gbé tirẹ̀ lọ kà nílé. Ta ló máa wá jókòó síbí?"

"Èmi náà á tún fẹ̀yìn tì lẹ́ẹ̀kejì nìyẹn," ni Bàbá wí.

Nígbà tí nọ́ọ̀sì fẹ́ máa lọ, ó ní kí Àlhájà bọ́ sí ìjókòó iwájú mọ́tò, òun fẹ́ fi ilé òun hàn án. Àlhájà tún ìborùn rẹ̀ wé, ó sì wọ mọ́tò. Gbogbo ará orí bẹ́ǹṣì dìde láti bá wọn wo ẹ̀yìn bí mọ́tò ṣe ń fẹ̀yìn rìn, wọ́n ń sọ pé, "Ẹ máa bọ̀, mà, ẹ máa bọ̀," títí mọ́tò fi dé títì, tí ó sì kọjú sí ọ̀nà Alákijà.