Ohùn Mi Nínú Sinimá

Nígbà tí owó epo rọ̀bì gbòde, ọkọ mi ń ṣe orin fún àwọn onísinimá Èkó láti inú yàrá wa ní Òmù-Àrán. Orúkọ rẹ̀ kì í sábà hàn lójú sinimá. Bó bá sì hàn, wọ́n á ṣì í kọ. Èyí dùn mí ju bó ṣe dun òun fúnra rẹ̀ lọ. Orin ibi tó ń dẹ́rù bani ni wọ́n máa ń bẹ̀ ẹ́ kó ṣe. Á fẹnu sí ẹnu ìkòkò, á máa kùn, ẹ̀rọ rẹ̀ á sì máa gba ohùn náà sílẹ̀. Èmi tí mo wà lẹ́yìn ilé, àyà mi á máa já.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, gìrì mú ọmọ wa ọkùnrin. Ojú rẹ̀ yí, ara rẹ̀ le gbagidi. Mo gbé e sáré wọ yàrá tí bàbá rẹ̀ ti ń ṣiṣẹ́. Lọ́dọ̀ wa, ẹni tó bá ń lọ bẹ́ẹ̀, pípè là ń pè é kó lè padà. Mo ń fi oríkì rẹ̀ pè é, mo ń bẹ̀ ẹ́ kó máa bọ̀ lọ́dọ̀ ìyá rẹ̀, títí ó fi mí kanlẹ̀ tó sì sunkún. N kò rántí pé ẹ̀rọ ṣì ń gbohùn sílẹ̀.

Ọmọ náà ti ń sáré kiri kí wọ́n tó gbé sinimá tí ọkọ mi ń ṣe orin rẹ̀ lọ́jọ́ náà wá sí gbọ̀ngàn ilé-ìwé ìlú wa, nígbà tí àwọn ará Èkó wálé ọdún. Ó jókòó lórí itan mi. Lójú aṣọ funfun tí wọ́n ta síwájú, ìyá kan dúró létí ibojì ọmọ rẹ̀. Ó lanu, ohùn mi ló jáde.

Ẹ̀rù bà mí. Ohùn tí mo fi gba ọmọ lọ́wọ́ ikú ni obìnrin yìí fi ń pe òkú.

Mo sọ fún ọkọ mi lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi pé, “Ẹ ní kí wọ́n yọ ohùn yẹn kúrò.”

Ọkọ mi kò lè wojú mi. “Ìyá ọmọ, wọ́n ti ṣe ẹ̀dà rẹ̀ púpọ̀. Ó ti dé Ìbàdàn.”

Ìgbà yẹn ni ọmọ náà bọ́ sílẹ̀. A ti kọ́ ọ pé kò gbọdọ̀ dá ẹni tí kò rí lóhùn, ṣùgbọ́n ohùn ìyá rẹ̀ ló gbọ́.

“Ìyá, mo ń bọ̀,” ló wí, ó sì ń rìn lọ síbi ibojì náà.

Mo pè é. Ohùn méjì wá ń pè é, ti iwájú sì lágbára ju tèmi lọ. Ó bojú wẹ̀yìn, kò rí mi nínú òkùnkùn, ó tún ń lọ. Ọkọ mi fò dìde, ó sì fa wáyà ẹ̀rọ tó ń gbé ohùn jáde já. Gbogbo gbọ̀ngàn pariwo lé e lórí. Mo tún pè é, ó sì padà wá.

Àwọn onísinimá kò bẹ̀ ọkọ mi níṣẹ́ mọ́. Nígbà tí ìlú wá le, ọmọ náà ti dàgbà, ó sì lọ wáṣẹ́ lókè Ọya. Mi ò sùn dáadáa láti ìgbà náà. Ẹ̀rù ń bà mí pé wọ́n lè máa fi sinimá yẹn hàn níbi tó wà, kí n má sì sí níbẹ̀ láti pè é padà.