Kóró Dàbínù Kan Tí Ó Dín
Ní Ìtúnu Ààwẹ̀ àkọ́kọ́ tí mo ṣe nílé ọkọ ní Ìsàlẹ̀ Èkó, kété lẹ́yìn ogun abẹ́lé, mo yọ kóró inú ogójì dàbínù, mo sì fi ẹ̀pà yíyan dípò wọn. Nígbà tí mo ka kóró, ó dín kan. Ìyá ọkọ mi, tí eyín méjì péré kù lẹ́nu wọn, sì ti mú mẹ́ta tí wọn yóò jẹ kí a tó lọ sí yídì.

Mo kúnlẹ̀. “Ìyá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì jẹ ẹ́. Kóró kan ṣì wà nínú wọn.”

Wọ́n tú etí ìró wọn, kóró náà já bọ́. “Èmi ni mo mú un, mo fẹ́ gbìn ín. Àbí o rò pé eyín mi ni mo fẹ́ fi yọ sàká?”

Ọkàn mi balẹ̀. Wọ́n jẹ mẹ́ta náà, wọ́n ní kí n mú méjì sí i wá fún àwọn.