Wọ́n Dárò Clement Wardle Kó Tó Kú

Clement Wardle kú ní Lewisville, ní Texas, láàárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun tó kọjá, lẹ́ni ọdún mọ́kànléláàádọ́rùn-ún. Oyèrónkẹ́, nọ́ọ̀sì tó ń tọ́jú rẹ̀ nílé àwọn arúgbó, ló pa á lójú dé. Òun náà ló pe Calderwick Town, ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù rẹ̀ ní England, láti túfọ̀ fún wọn. Èsì tí akọ̀wé wọn fún un ni pé: “A ti ṣe tirẹ̀ lọ́dún mẹ́fà sẹ́yìn.”

Ṣé ẹ gbọ́ ohun tí mo gbọ́?

Láti ọdún 1953 títí di 1964 ni Clement fi gbá bọ́ọ̀lù fún wọn. Ẹ̀yìn ló ń dúró sí, iṣẹ́ rẹ̀ sì ni kó máa fi orí gbá gbogbo bọ́ọ̀lù tó bá ń já bọ̀ láti òkè. Bọ́ọ̀lù aláwọ ni nígbà yẹn. Tí òjò bá rọ̀ sí i, a máa wúwo bí aṣọ òfì tó bọ́ sómi. Mo bi í léèrè nígbà kan pé ṣé kì í dùn ún ni. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní, “Ó ń dùn mí, ṣùgbọ́n gólì wa kò gbọdọ̀ mọ̀.”

Nígbà tó fẹ̀yìn tì, ó wá sí Texas, ó ń kọ́ àwọn ọmọdé ní bọ́ọ̀lù. Ní Richardson ló ti kọ́ Détọ́lá ọmọ mi. Bí oòrùn ti wù kó mú tó ní Sátidé, á ti dé pápá ṣáájú wa. Ó kọ́ ọmọ mi ní gbogbo nǹkan àfi bí wọ́n ṣe ń fi orí gbá bọ́ọ̀lù. “Ẹ máa fi orí tiyín ronú,” ó máa ń sọ fún wọn, “èmi ti fi tèmi fún Calderwick.”

Nígbà tó yá, orí náà bẹ̀rẹ̀ sí í gbàgbé nǹkan. Ó gbàgbé ọ̀nà ilé, wọ́n sì gbé e lọ sí Lewisville.

Calderwick ní àṣà kan. Ní gbogbo ọdún Kérésì, wọ́n máa ń fi káàdì ránṣẹ́ sí àwọn àgbà agbábọ́ọ̀lù wọn. Káàdì ọdún tí wọ́n gbé e lọ sí Lewisville dé ilé rẹ̀ àtijọ́, kò bá ẹnikẹ́ni, ó padà sí England. Ṣé wọ́n wádìí? Rárá o. Wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ mọ́ ti àwọn òkú. Ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, wọ́n so aṣọ dúdú mọ́ apá, gbogbo pápá sì dákẹ́ fún ìṣẹ́jú kan. Lọ́jọ́ náà, Clement ń jẹun àárọ̀ lọ́wọ́.

Oyèrónkẹ́ ló rí ìròyìn náà lórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Lẹ́yìn ìsìn ní ṣọ́ọ̀ṣì wa ní Farmers Branch, ó na fóònù sí mi.

“Brother Ṣẹ́gun, ẹ wò ó! They have buried Coach! Ẹni tí mo bathe láàárọ̀ yìí!”

A kọ lẹ́tà, a fi fọ́tò rẹ̀ sínú rẹ̀, níbi tó ti di ìwé ìròyìn ọjọ́ náà mú. Wọ́n fèsì pé àwọn dúpẹ́ fún ìbánikẹ́dùn wa. A tún kọ. Wọ́n tún dúpẹ́.

Ẹ má rẹ́rìn-ín. Lọ́dún yẹn gan-an ni Calderwick bẹ̀rẹ̀ sí í rán dókítà sí àwọn àgbà tí bọ́ọ̀lù ti ba orí wọn jẹ́, níbikíbi tí wọ́n bá wà. Ta ni í rán dókítà sí òkú?

Àwọn àgbà ní ọjọ́ a bá kú là á dère. Clement tiwa, ẹ̀yin Calderwick ti sọ ọ́ dère kó tó kú! Ó sì fẹ́ràn yín, ìyẹn ló ń dùn mí jù. Nígbà tí kò mọ orúkọ ara rẹ̀ mọ́, ó ṣì ń ka orúkọ àwọn agbábọ́ọ̀lù yín mọ́kànlá ọdún 1958 láìfo ẹnì kan. Ní gbogbo Sátidé, á jókòó sí ojú fèrèsé, á ní, “Ṣé wọ́n ti dé?”

“They're coming, sir,” Oyèrónkẹ́ á dáhùn. “Oyá, eat first.”

Èmi náà kò mọ́ nínú ọ̀rọ̀ yìí. Ogún ìṣẹ́jú ni ilé mi sí Lewisville, ẹ̀ẹ̀mẹta péré ni mo sì lọ kí i.

Ẹ̀yin alákòóso Calderwick, ta ló kọ orúkọ Clement mọ́ òkú láìwádìí? Ta ló ka lẹ́tà wa, tó wo fọ́tò náà, tó sì dúpẹ́? Ẹ dárúkọ wọn ní gbangba. Ẹ tún ọjọ́ ikú rẹ̀ kọ, kí ẹ sì sọ fún ayé pé ọdún mẹ́fà ló fi ń retí yín.

Sátidé tó ń bọ̀ la máa sin ín. A ti fi àga kan sílẹ̀ fún yín níwájú. Ẹ má fi ìbánikẹ́dùn ránṣẹ́ o. Ẹ wá fúnra yín.