Ibi Tí Ẹsẹ̀ Gbé Màmá Mi Dé

N kì í kọ ọ̀rọ̀ sílẹ̀ fún òṣèré. Ní Ìkàrẹ́ tí mò ń gbé, wọ́n ti fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ títí ó fi sú wọn: onífíìmù tí ò mọ ibi tó ń lọ. Wọn ò purọ́. Gbólóhùn kan péré ni mo máa ń sọ fún òṣèré, màá wá gbé kámẹ́rà tẹ̀ lé e. Ibi tó bá yà sí ni ìtàn yà sí. N kò gbọdọ̀ ní kó dúró. Òun fúnra ẹ̀ ni yóò sọ pé ó tó.

Lọ́jọ́ kan, obìnrin tó fẹ́ ṣe ìyá nínú fíìmù mi kọ̀, kò wá láti Àkùngbá. Inú bí mi. Mo gun ọ̀kadà lọ sí Ọ̀kà, mo bẹ màmá mi pé kí wọ́n bá mi ṣe é.

Ọdún kejì tí àbúrò mi kú nìyẹn. Òbí kì í rí sàréè ọmọ. Èmi àtàwọn ẹ̀gbọ́n bàbá mi la sin ín sí oko kan tí a ti pa tì, lábẹ́ igi kajú. A tẹ́ ilẹ̀ ibẹ̀ dọ́gba. A ò sọ fún màmá, wọn ò sì bèèrè.

"Ẹ máa rìn bí ẹni tí nǹkan sọnù lọ́wọ́ ẹ̀." Ohun tí mo sọ fún wọn nìyẹn. Òmùgọ̀ ni mí.

Wọ́n kọjá ẹ̀yìn ilé, wọ́n gba ẹsẹ̀ òkè, wọ́n yà sínú oko náà. Àyà mi já. Ó yẹ kí n pè wọ́n padà. Mo ní òfin mi ò gbà, àmọ́ irọ́ ni: àwòrán náà ló dára lójú mi. Mo gbé kámẹ́rà tẹ̀ lé wọn títí wọ́n fi jókòó sábẹ́ igi kajú láti sinmi.

Mo gbójú kúrò lára kámẹ́rà, mo ń wo ilẹ̀ tí wọ́n jókòó lé.

"Kí ló ń ṣe ọ́?" ni wọ́n bi mí.

Wọ́n wo ojú mi, wọ́n wo ilẹ̀, wọ́n tún wo ojú mi.

"Ibí ni?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, màmá."

Wọn ò ké. Ohun tí àwọn àgbà fi pa mọ́ fún wọn, èmi ọmọ wọn ni mo tú u síta nítorí fíìmù. Ojú tì mí débi pé mo fẹ́ kí ilẹ̀ lanu.

"Ibo lorí ẹ̀ wà?"

Mo fọwọ́ hàn wọ́n. Wọ́n rọra sún sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, kí wọ́n má bàa jókòó lé e láyà. Kámẹ́rà ṣì ń ṣiṣẹ́. Wọn ò sọ pé ó tó.