Orúkọ Tí Mo Fi Di Àyè Mú

Àkọ́bí mi ń gbé ní Padova. Èmi wà ní Torino, ní àdúgbò Barriera di Milano, nínú ilé kan náà tí èmi àti ìyá rẹ̀ jọ gbé kí ìyá náà tó kú. Ní ọjọ́ Àìkú kan, lẹ́yìn ìsìn, ó bá mi jókòó sí ìdí tábìlì, ó ní oyún ìyàwó òun ti wọ oṣù kẹjọ. Mo ti mọ̀ tẹ́lẹ̀. Mo sì mọ̀ pé kì í ṣe torí ìyẹn ló ṣe wọ ọkọ̀ ojú irin láti Padova wá. Mo bu ìrẹsì fún un, mo ń dúró dè é.

Ó jẹun tán kó tó sọ ọ́. Ó ní òun àti ìyàwó òun ń to orúkọ jọ fún ọmọ tó ń bọ̀. Ọmọ Yorùbá bíi tirẹ̀ ni ìyàwó náà, ìhín ni wọ́n bí i sí. Ìyàwó ka orúkọ tirẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, ó sọ ìtumọ̀ ọ̀kọ̀ọ̀kan, ó sọ ẹni tó sọ ọ́ àti ohun tó ṣẹlẹ̀ nínú ilé wọn lọ́dún náà. Ó wá kan ọmọ mi. Orúkọ kan ṣoṣo ló wà nínú ìwé rẹ̀: Raimondo. Ìyàwó rẹ̀ ní kí ni ìtumọ̀ rẹ̀. Ó ní òun kò mọ̀.

"Papà, ma cosa vuol dire?" Ó ń bi mí pé kí ni orúkọ òun túmọ̀ sí.

Mo fún un ní èsì tí mo ti ń fún un láti kékeré, pé orúkọ ọ̀gá mi níbi iṣẹ́ ni, ọkùnrin tó ṣe wá lóore nígbà tí a kò mọ ẹnikẹ́ni ní ìlú yìí. Ó mi orí. Ó ní òun kò bèèrè ẹni tó ni ín, ìtumọ̀ rẹ̀ ni òun ń bèèrè. N kò mọ̀ ọ́n. Èmi náà rèé, tí mo máa ń dá àwọn ìyá ọlọ́mọ dúró lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì wa láti bi wọ́n ní ìtumọ̀ orúkọ ọmọ wọn, tí mo sì ń bá wọn wí bí wọn kò bá rí i sọ.

Ó wá fi Yorùbá sọ ọ́, ó rọra ń wá ọ̀rọ̀ náà níkọ̀ọ̀kan.

"Ẹ má bínú, bàbá mi. Tí ẹ kò bá mọ ìtumọ̀ èyí tí ẹ fún mi, mi ò fẹ́ kí ẹ sọ ọmọ mi lórúkọ. Bàbá ìyàwó mi ló máa ṣe é."

Kò gbé ohùn sókè. Ó fọ abọ́ tó fi jẹun, ó kí mi, ó lọ. Nínú ilé tiwa, bàbá bàbá ló ń sọ àkọ́bí ọmọ lórúkọ. Bàbá mi ṣe é fún ọmọ ẹ̀gbọ́n mi, bàbá tirẹ̀ ṣe é fún ẹ̀gbọ́n mi. Ọwọ́ mi ni okùn náà ti máa já.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí n kò sọ fún un lọ́jọ́ náà.

Nígbà tí wọ́n bí i, a kò tíì lo ọdún méjì pé ní Ítálì. Mò ń ṣiṣẹ́ ní magazzino, ilé ìkẹ́rùsí, kan ní Novara, mò ń to páálí ẹrù sórí ara wọn. Capo wa, bí wọ́n ṣe ń pe ọ̀gá iṣẹ́ níhìn-ín, jẹ́ ọkùnrin kúkúrú kan tí kì í rẹ́rìn-ín. Raimondo ni orúkọ rẹ̀. Òun ló tẹ̀lé mi lọ sí ọ́fíìsì ìjọba nípa documenti mi, ìyẹn ìwé ìgbélùú, ó tò sórí ìlà pẹ̀lú mi láti àárọ̀ títí ọ̀sán fi pọ́n, ó sì sọ fún wọn pé òun mọ̀ mí. Nígbà tí ìyàwó mi rọbí, ọkọ̀ rẹ̀ ló gbé wa lọ sí ilé ìwòsàn.

Ní ọjọ́ kẹta, obìnrin kan tó gbé ìwé ńlá dání wá sí ẹ̀gbẹ́ ibùsùn. Ó fi pẹ̀lẹ́tù bi wá pé kí ni ọmọ ń jẹ́, ó ní òní ni òun máa kọ ọ́.

Mo ti ní orúkọ rẹ̀. Ó wà nínú mi láti oṣù kẹfà oyún. Ṣùgbọ́n bàbá mi kò pe orúkọ ọmọ kankan kó tó di ọjọ́ kẹjọ. Ìyá ọmọ pàápàá kì í gbọ́ ọ. A ti gba Jésù, a ti fi ọ̀pọ̀ nǹkan sílẹ̀, ṣùgbọ́n ìyẹn kò kúrò lára mi. Mi ò lè la ẹnu ní ọjọ́ kẹta kí n fà á lé àjèjì tó mú kálàmù dání lọ́wọ́. Ìyàwó mi ń wò mí. Mo wo ojú fèrèsé, mo rí capo ní ìsàlẹ̀, ó ń ti ilẹ̀kùn ọkọ̀ rẹ̀. Mo ní, "Raimondo."

Mo fi di àyè mú ni. Bí èèyàn ṣe ń fi fìlà sórí àga kí ẹlòmíràn má baà jókòó síbẹ̀ kó tó dé, bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni. Mo rò pé tó bá di ọjọ́ kẹjọ, màá padà wá mú fìlà mi kúrò.

Ọjọ́ kẹjọ pé. Èèyàn méje láti ìjọ kún inú yàrá kan ṣoṣo tí a ní. A fi oyin àti iyọ̀ tọ́ ọ lẹ́nu, mo pe orúkọ rẹ̀, gbogbo wọn pè é tẹ̀lé mi. Lọ́jọ́ kejì mo kọ ọ́ sínú ìwé pélébé kan, mo mú un lọ sí Comune, ọ́fíìsì ìjọba ìlú. Ọkùnrin tó wà nídìí iṣẹ́ náà fara balẹ̀ ṣàlàyé fún mi pé èyí tí wọ́n ti kọ ni wọ́n ti kọ. Ó ní bí mo bá fẹ́ yí i, mo ní láti kọ ìwé ẹ̀bẹ̀, kí n sì mú irú ìwé báyìí báyìí wá. Documenti tèmi gan-an kò tíì dúró dáadáa. Ẹ̀rù bà mí. Mo ká ìwé pélébé náà, mo padà sílé.

Lẹ́yìn náà ni capo gbọ́ pé ọmọ mi ń jẹ́ orúkọ òun. Ó wá sílé wa pẹ̀lú bùláńkẹ́ẹ̀tì kékeré kan. Ọkùnrin tí kì í rẹ́rìn-ín yìí dúró lórí ọmọ, ó yí ojú sí ògiri kí a má baà rí i. Ta ni màá wá sọ fún pé mo kàn fi di àyè mú ni? Mo ní a fi dúpẹ́ lọ́wọ́ yín ni, ọ̀gá. Mo sọ ọ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì, ó di ẹ̀rí. Ó ti lé ní ọgbọ̀n ọdún báyìí tí mo ti ń gba ìyìn ohun tí n kò ṣe.

Ìyá rẹ̀ nìkan ló ń fi orúkọ ọjọ́ kẹjọ pè é. Ọmọ á dá a lóhùn ní èdè Ítálì, ṣùgbọ́n á dá a lóhùn. Lẹ́yìn tí a sin ìyá náà, mo fi orúkọ yẹn pè é lẹ́ẹ̀kan nínú ọgbà. Kò bojú wẹ̀yìn. Mi ò pè é bẹ́ẹ̀ mọ́.

Ní ọjọ́ Ajé tó tẹ̀lé ìbẹ̀wò rẹ̀, mo wọ ọkọ̀ lọ sí Novara. Capo ti di arúgbó, ẹ̀gbẹ́ fèrèsé ló ń jókòó sí. Fọ́tò ọmọ mi wà lórí kọ́bọ́ọ̀dù rẹ̀, láàárín fọ́tò àwọn ẹbí rẹ̀. Mo bi í ní ìtumọ̀ orúkọ rẹ̀. Ó wò mí bí ẹni tí wọ́n bi ní ìtumọ̀ imú rẹ̀. Ó ní orúkọ ni, bàbá ìyá òun ló jẹ́ ẹ, ẹnikẹ́ni kò bèèrè jù bẹ́ẹ̀ lọ rí.

"Ẹ̀yin èèyàn yìí," ó ní, "orúkọ yín gan-an kò ní ìsinmi? Òun náà gbọ́dọ̀ máa ṣiṣẹ́?"

A rẹ́rìn-ín. Ó gbé ọwọ́ rẹ̀ lé ọwọ́ mi, ó bèèrè ọmọ rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ló máa ń pe àkọ́bí mi. Òótọ́ ti dé ọ̀fun mi, mo gbé e mì.

Ní ilé wa ní Torino, olùkọ́ kan tó ti fẹ̀yìn tì ń gbé lókè wa, obìnrin tó ti dàgbà jù mí lọ. Èmi ni mo máa ń bá a gbé omi inú ike gòkè. Mo ro ẹjọ́ mi fún un. Ó gbé ìwé kan tó nípọn wá, ó fi awò rẹ̀ sójú, ó ní orúkọ náà kì í ṣe ti Ítálì láti ìpilẹ̀ṣẹ̀. Àwọn ẹ̀yà Jámánì àtijọ́ ló ni irú rẹ̀, irú àwọn Longobardi tí wọ́n fi orúkọ wọn pe Lombardia. Wọ́n kó ìyàwó, ọmọ àti màlúù, wọ́n gba orí òkè wọ ilẹ̀ yìí. Nígbà tó yá, èdè wọn kú lẹ́nu àwọn ọmọ wọn. Orúkọ ló ṣẹ́ kù.

Ó ní ọ̀rọ̀ méjì ni wọ́n máa ń so pọ̀. Ti iwájú nínú èyí, ragin, ni ìmọ̀ràn, irú èyí tí àgbà pé jọ lé lórí. Ti ẹ̀yìn, mund, ni ọwọ́, àti ààbò ẹni tó wà lábẹ́ ọwọ́ náà.

Inú mi dùn. Mo ní, àbí ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé ìmọ̀ràn ni ààbò? Ó ní kí n rọra. Ó ní lọ́pọ̀ ìgbà, wọn kì í so ó pọ̀ kó lè di gbólóhùn. Wọ́n lè mú ìlàjì kan lára orúkọ bàbá, kí wọ́n mú ìkejì lára orúkọ ẹbí ìyá, kí wọ́n lẹ̀ wọ́n mọ́ra, kí ẹni tó bá gbọ́ ọ lè mọ ilé tí ọmọ ti jáde. Ohun tí odidi rẹ̀ ń wí, kò sẹ́ni tó lè búra sí i.

Ọ̀rọ̀ rẹ̀ rán mi létí ilé wa. Ọ̀rọ̀ ọdẹ ló ṣáájú orúkọ gbogbo ọkùnrin ilé bàbá mi. Ọdẹ ni wọ́n, ẹnikẹ́ni tó bá gbọ́ orúkọ wa mọ ilé wa. Èmi ni mo gé e kúrò lára tèmi lọ́dún tí mo di àtúnbí, mo fi orúkọ Olúwa dípò rẹ̀. Nínú ìwé, àkọ́bí mi kò rí ti ilé gbà, kò rí ti Olúwa gbà. Fìlà orí àga ló rí gbà.

Síbẹ̀, mo ti ní èsì lọ́wọ́. Ìmọ̀ràn àti ààbò: ta ni kò ní gba irú rẹ̀? Bí mo bá fi kún ìtàn ọpẹ́ capo, ó tó. Ọmọ mi á dúpẹ́, ìsọmọlórúkọ á padà sọ́dọ̀ mi. Mo fi ọ̀sẹ̀ mẹ́ta dá a rò.

Ọmọ dé, ọkùnrin ni. Ní ọjọ́ kẹfà mo lọ sí Padova. Àkọ́bí mi pàdé mi ní ibùdókọ̀ ojú irin, ó gba báàgì lọ́wọ́ mi. Mo bi í bóyá wọ́n ti kọ orúkọ ọmọ ní ilé ìwòsàn. Ó ní rárá. Ó ní àwọn ti bèèrè, ọjọ́ mẹ́ta ni bó bá jẹ́ níbẹ̀, ṣùgbọ́n ọjọ́ mẹ́wàá ni bó bá jẹ́ ní Comune.

"Dieci giorni, papà," ó ní. "Tí ọjọ́ kẹjọ bá ti kọjá, màá lọ."

Mo jókòó sórí bẹ́ǹṣì tó wà níbẹ̀. Ọjọ́ mẹ́wàá. Ọjọ́ kẹjọ ìbá ti dé, ìbá ti kọjá, kí ilẹ̀kùn tó tì. Ẹnikẹ́ni kò fi pamọ́ fún mi. Èmi ni n kò bèèrè.

Ó rò pé àárẹ̀ ló mú mi, ó fẹ́ lọ ra omi. Mo ní kó jókòó. Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un, láti ojú fèrèsé ilé ìwòsàn títí dé ìwé pélébé tí mo ká. Ọkọ̀ méjì dé, wọ́n lọ, kí n tó parí.

"Torí náà, kò ní ìdí kankan," ó ní.

"Mo fi di àyè mú ni."

"Fún gbogbo ọdún wọ̀nyí?"

"Bẹ́ẹ̀ ni."

Ó bi mí bóyá bàbá arúgbó Novara mọ̀. Mo ní kò mọ̀. Ó ní, "Ẹ má sọ fún un o."

Lẹ́yìn náà ló bèèrè èyí tí mo pè ní ọjọ́ kẹjọ. Mo pè é. Ó ní kí n tún un pè. Mo tún un pè, mo sọ ìtumọ̀ rẹ̀ àti ìdí rẹ̀, gẹ́gẹ́ bí mo ṣe sọ ọ́ fún àwọn èèyàn méje ọjọ́ náà.

"Ohun tí mámà máa ń pè mí nìyẹn," ó ní. "Mo rò pé ó kàn ń kẹ́ mi ni."

Ó pè é fúnra rẹ̀, ahọ́n rẹ̀ kọsẹ̀, ó tún un ṣe. Bí a ṣe ń lọ sílé ni mo sọ ti ragin àti mund fún un, mo sì sọ ohun tí olùkọ́ sọ, pé kò sẹ́ni tó lè búra sí i. Ó ní èyí tí kò ṣeé búra sí yẹn tó òun. Kò sọ ẹni tó máa sọ ọmọ lórúkọ. Èmi náà kò bèèrè.

Ní ọjọ́ kẹjọ, àna mi, bàbá ìyàwó ọmọ mi, ti jókòó sórí àga tó dojú kọ gbogbo ilé, Bíbélì lórí itan rẹ̀. Nígbà tó tó àkókò, àkọ́bí mi gba ọmọ lọ́wọ́ ìyàwó rẹ̀, ó kọjá níwájú àna mi, ó gbé e lé mi lápá. Àna mi kò bínú. Ó dìde, ó ní kí n wá jókòó, ó ní òun ti wí fún wọn tẹ́lẹ̀ pé torí ìrẹsì ni òun ṣe wá. Àwọn obìnrin rẹ́rìn-ín.

Mo pe orúkọ náà. Ọ̀rọ̀ ọdẹ ló ṣáájú, èyí tí mo gé kúrò lára tèmi. Ààbò ló tẹ̀lé e, ìlàjì tí mo mú lára orúkọ bàbá ọmọ. Pásítọ̀ gbójú sókè nígbà tó gbọ́ ti iwájú. Mo wò ó lójú. Ó pè é tẹ̀lé mi.

Ní ọjọ́ kẹsàn-án, àwa méjèèjì lọ sí Comune. Obìnrin tó wà níbẹ̀ bèèrè orúkọ, ọmọ mi ní kí n sọ ọ́. Mo sọ ọ́. Ọmọ mi bá a kọ ọ́ sílẹ̀, obìnrin náà tẹ̀ ẹ́ sínú ẹ̀rọ, ó yí ojú ẹ̀rọ náà sí wa. Ọmọ mi fi ìka tẹ̀lé lẹ́tà rẹ̀, ó bi mí bóyá ó pé. Mo ní ó pé.

Mo ti ń dìde. Òun kò dìde. Ó bi obìnrin náà ní ohun tí àgbàlagbà máa ṣe bó bá fẹ́ fi orúkọ kan kún tirẹ̀, láìyọ èyí tó wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Obìnrin náà ní iṣẹ́ pọ̀ níbẹ̀, ó máa pẹ́. Ọmọ mi ní kò burú. Ó gba ìwé tí obìnrin náà fún un, ó ká a, ó fi sínú àpò rẹ̀, a sì jáde.