Bí Mo Ṣe Kọ́ Láti Pe Arnold Lórúkọ

"Jáde kúrò nílé mi!"

Ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ tí baba náà bá mi sọ nìyẹn, láàárọ̀ ọjọ́ tí mo bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lọ́dọ̀ wọn ní Thamesmead. Mo di ife tíì mú lọ́wọ́ kan, mo di ìkòkò ṣúgà mú lọ́wọ́ kejì, mo dúró gbagidi. Kí ni mo ṣe? Mo kàn kí wọn ni. Ìkíni tó dára jù lọ tí mo mọ̀ ni mo sì fi kí wọn, tẹ̀rín tẹ̀rín.

Adéọlá lorúkọ mi, ọmọ Iléṣà ni mí. Ní ọ́fíìsì wa ní Woolwich, Grace ni wọ́n ń pè mí, torí pé orúkọ ìrìbọmi mi ni mo sọ fún wọn nígbà tí mò ń wá iṣẹ́. Iṣẹ́ kẹ́rà ni mo ṣe ní Lọ́ńdọ̀nù kí n tó fẹ̀yìn tì. Kẹ́rà ni ẹni tó ń lọ láti ilé dé ilé, tó ń wẹ àwọn arúgbó àti aláìsàn, tó ń wọṣọ fún wọn, tó ń fún wọn lóúnjẹ àti oògùn. Kọ́ọ̀lù la máa ń pe àbẹ̀wò kọ̀ọ̀kan: kọ́ọ̀lù àárọ̀, kọ́ọ̀lù ọ̀sán, kọ́ọ̀lù ìrọ̀lẹ́. Ẹni tó bá ń fi iṣẹ́ yìí ṣe fújà, kò tíì nu ìdí fún àgbàlagbà rí.

Tolú, ọmọbìnrin tó ń pín iṣẹ́ fún wa, ti kìlọ̀ fún mi ṣáájú. Plumstead, ní Lọ́ńdọ̀nù níbẹ̀, ni wọ́n bí i sí. Yorùbá rẹ̀ já geere, àmọ́ bí ẹgbẹ́ rẹ̀ ló ṣe ń bá gbogbo wa sọ̀rọ̀.

"Auntie Grace, this one is not easy o," ló wí lórí fóònù. "Ó ti lé carers tó ṣíwájú ẹ jáde. Bó bá lé ìwọ náà, council máa gbé e lọ sí care home, and he really doesn't want that."

"Kí ló dé tí wọn ò fẹ́ lọ sílé ìtọ́jú arúgbó?"

"Ilé ẹ̀ ni. Ibẹ̀ ni Joan, ìyàwó ẹ̀, kú sí, ibẹ̀ lòun náà fẹ́ kú sí. Just be nice to him, Auntie."

Mo ti múra láti ṣe dáadáa sí wọn nígbà náà. Ilé gogoro kan ni baba ń gbé, tí ẹ̀rọ agbéniròkè ibẹ̀ máa ń ṣiṣẹ́ nígbà tó bá wù ú. Lójú fèrèsé pálọ̀ wọn, èèyàn á rí odò Thames lọ salalu, á sì rí Crossness lọ́ọ̀ọ́kán, níbi tí wọ́n ti ń sọ omi ìdọ̀tí ìlú di mímọ́. Ibẹ̀ ni baba ti fi gbogbo ọjọ́ ayé wọn tún ẹ̀rọ tó ń fa omi ṣe. Àga wọn kì í kúrò lójú fèrèsé náà. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ tẹlifíṣọ̀n, mo rí fọ́tò ọ̀dọ́mọkùnrin kan àti ife-ẹ̀yẹ bọ́ọ̀lù kékeré tí wọ́n fín "Colin" sí lára. Mo wo imú rẹ̀, mo wo àgbọ̀n rẹ̀. Baba bí i jọ ni.

Níbi tí wọ́n ti tọ́ mi, a kì í pe àgbà lórúkọ. Orúkọ ọmọ wọn la fi ń pè wọ́n: Bàbá Fúnmi, Màmá Ṣẹ́gun. Ìyá mi bá aládùúgbò wa kan ṣọ̀rẹ́ títí wọ́n fi darúgbó, kò sì mọ orúkọ àbísọ obìnrin náà. Ìdí nìyẹn tí mo fi gbé tíì dé iwájú baba, tí mo sì fi gbogbo ẹnu kí wọn pé, "Good morning, Daddy Colin!"

Ibẹ̀ ni wọ́n ti lé mi jáde.

Mo pe Tolú láti ibùdókọ̀. Mo ro ohun tó ṣẹlẹ̀ fún un.

"Oh no. Auntie, Colin ti kú. Motorbike ló pa á, tipẹ́tipẹ́. Ọmọ kan ṣoṣo tó ní ni. My bad, ó yẹ kí n ti sọ fún ẹ."

"Yé è, mo gbé!"

"Ṣáà máa pè é ní Arnold."

"Ta ni? Èmi? Baba tó ju bàbá mi lọ?"

"But that's his name!"

"Mo mọ̀. Ẹnu mi ni kò mọ̀."

Mo sunkún nínú bọ́ọ̀sì lọ́jọ́ náà. Àánú baba ṣe mí dọ́kàn. Òwe tí wọ́n máa ń pa nílé wa ló ń dún sí mi létí: ọmọ ò láyọ̀lé, ẹni ọmọ sin ló bímọ. Mo ní, áà, baba yìí ò wá bímọ nìyẹn.

Lọ́jọ́ kejì, mo padà lọ. Bí mo ṣe wọlé, mo kúnlẹ̀ lórí kápẹ́ẹ̀tì.

Baba wò mí tìyanu-tìyanu. Òyìnbó la jọ máa ń sọ, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ n fi èdè wa sọ ọ́. "Ṣé nǹkan rẹ já bọ́ ni?"

"Ẹ̀bẹ̀ ni mò ń bẹ̀ yín. Wọn ò sọ fún mi nípa ọmọ yín. Nílé wa, ọ̀wọ̀ ni mo rò pé mo ń bù fún yín, sir."

"Dìde. Má sì pè mí ní sir. Níbi iṣẹ́ wa, àwọn tí gíríìsì kò kan ọwọ́ wọn rí là ń pè ní sir. Arnold lorúkọ mi."

"Mi ò lè pè é."

"Kí ló ṣe é?"

Mi ò mọ èyí tí ǹ bá sọ, ni mo bá sọ ohun tó kọ́kọ́ wá sí mi lẹ́nu. "Mi ò mọ ìtumọ̀ rẹ̀ ni. Lọ́dọ̀ wa, ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Mi ò mọ ilé tí wọ́n wò kí wọ́n tó sọ yín ní Arnold."

Baba na ẹsẹ̀ wọn síwájú, kí n lè bọ́ ìbọ̀sẹ̀ wọn. Mo mọ̀ pé wọ́n ti forí jì mí. Mo gbé bàsíà omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ wá, mo bẹ̀rẹ̀ sí í fọ ẹsẹ̀ wọn, àwọn náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀.

"Ìyá mi sọ fún mi pé ọ̀rọ̀ méjì ni wọ́n so pọ̀," ni wọ́n wí. "Èdè àwọn ará Jámánì ayé àtijọ́ ni. Èyí àkọ́kọ́ ni ẹyẹ idì. Èkejì ni agbára, irú agbára tí ọba fi ń ṣàkóso ìlú. Ẹni tó lágbára bí idì."

"Ìyá yín ti ṣe mọ̀ ọ́n?"

"Ará Jámánì ni bàbá rẹ̀. Arnold lòun náà ń jẹ́. Búrẹ́dì ló ń ṣe, ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ kò jìnnà síbí. Nígbà tí ogun àgbáyé àkọ́kọ́ dé, àwọn tó ń jẹ búrẹ́dì rẹ̀ ló wá fọ́ fèrèsé rẹ̀. Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, ó gbá àfọ́kù náà, ó sì dáná síbi ààrò rẹ̀, ó ní wọn ò ní í ṣàìjẹun. Nígbà tó yá, ìdílé náà yí orúkọ ìdílé wọn padà sí ti àwọn Gẹ̀ẹ́sì, kí wọ́n lè rójú gbé. Ṣùgbọ́n àwọn Gẹ̀ẹ́sì náà ti ń jẹ́ Arnold tipẹ́, kò sẹ́ni tó fura sí i. Bàbá àgbà kú, wọ́n bí mi, ìyá mi sì fún mi ní orúkọ rẹ̀. Gbogbo nǹkan yòókù ló ti yí padà. Orúkọ yẹn nìkan ló kù."

"Babátúndé lẹ̀ ń jẹ́ nígbà náà!" Mo kígbe débi pé omi ta sí mi lójú. Mo ṣàlàyé fún wọn pé ọmọkùnrin tí wọ́n bá bí lẹ́yìn ikú bàbá àgbà, àwa gbà pé bàbá náà ló padà wá.

Wọ́n rò ó wò díẹ̀. "Ìwọ ńkọ́? Kí ni Grace?"

"Adéọlá ni mò ń jẹ́ nílé. Ọ̀rọ̀ méjì ni tèmi náà: adé àti ọlá."

Baba wo ẹsẹ̀ wọn nínú bàsíà. "Adé àti ọlá, o wá ń fọ ẹsẹ̀ fún mi."

"Bẹ́ẹ̀ ni. Idì alágbára náà ò sì lè bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ fọ̀ ọ́ fúnra rẹ̀."

Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo gbọ́ ẹ̀rín wọn nìyẹn.

Láti ọjọ́ náà, Adéọlá ni wọ́n ń pè mí. Èmi náà fi mísítà síwájú orúkọ wọn, wọ́n sì fara mọ́ ọn bí ẹni ń lo oògùn kíkorò. Wọ́n máa ń sọ fún mi nípa àwọn ẹ̀rọ Crossness bí ẹni ń sọ̀rọ̀ àwọn mọ̀lẹ́bí: èyí tó ń gbọ́ràn, èyí tó máa ń yodì. Lọ́jọ́ ìsinmi kan tí mo ti ṣọ́ọ̀ṣì Aládùúrà wa ní Thamesmead West wá síṣẹ́ tààrà, tèmi ti sùtánà funfun àti bàtà nínú báàgì, wọ́n wò mí láti òkè délẹ̀, wọ́n ní, "Ṣé àsìkò ti tó ni? Ṣé ìwọ ni wọ́n rán wá mú mi?" Mo ní kí wọ́n ṣáà jẹ ẹyin wọn.

Nígbà òtútù kan, àyà bẹ̀rẹ̀ sí í dùn wọ́n. Wọ́n lọ sí ọsibítù, wọ́n sì padà wálé, ṣùgbọ́n bí ẹni tó fi ara rẹ̀ sílẹ̀ sọ́hùn-ún ni. Wọ́n kọjú sógiri. Wọn ò jẹ, wọn ò mu, wọn ò sì dá ẹnikẹ́ni lóhùn. Obìnrin kan wá láti council, ìyẹn ìjọba ìbílẹ̀; èèyàn jẹ́jẹ́ ni, ojú rẹ̀ pọ́n nígbà tó bá mi sọ̀rọ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Ó ní òun mọ̀ pé baba ò fẹ́ kúrò níbẹ̀, àmọ́ bí wọn ò bá jẹun, àwọn ò lè fi wọ́n sílẹ̀ láwọn nìkan. Ó ní òun á padà wá láìpẹ́, a ó sì mọ ibi tí ọ̀rọ̀ já sí.

Mo lọ ra kọ́sítáàdì ní Plumstead High Street láàárọ̀ ọjọ́ kejì, mo sè é, mo gbé e dé ẹ̀gbẹ́ bẹ́ẹ̀dì.

"Mísítà Arnold."

Mo fi ṣíbí bù ú, mo nà án sí wọn.

"Mísítà Arnold, ẹ jọ̀ọ́, ẹ tọ́ ọ wò."

Wọ́n ń mí, ṣùgbọ́n mo mọ ojú ẹni tó ti gbọ̀nà. Ẹ̀rù bà mí. Nílé wa, bí èèyàn bá dákú, gbogbo ilé ló máa ń figbe ta, wọ́n á máa pe onítọ̀hún kó má baà lọ. Wọn kì í fi oyè pè é. Orúkọ tí ìyá rẹ̀ sọ ọ́ ni wọ́n ń pè, torí ẹ̀mí ò mọ mísítà. Mo gbé abọ́ kalẹ̀. Mo gbàgbé àgbà, mo gbàgbé èwe.

"Arnold! Arnold o! Idì alágbára! Ọmọ onísọ̀ búrẹ́dì tí wọ́n fọ́ fèrèsé rẹ̀, tí kò jẹ́ kí iná ààrò kú. Bàbá àgbà tó lọ tó padà wá. Arnold tó tún ẹ̀rọ ṣe kí gbogbo Lọ́ńdọ̀nù lè wà ní mímọ́. Ọkọ Joan. Bàbá Colin!"

Ó ti bọ́ lẹ́nu mi kí n tó mọ̀. Bí a bá ń ki èèyàn, a kì í fo ọmọ rẹ̀. Mo fọwọ́ bo ẹnu, mo ń retí kí wọ́n tún lé mi jáde.

Baba yíjú sí mi díẹ̀díẹ̀. Yorùbá ni mo sọ, àmọ́ wọ́n gbọ́ àwọn orúkọ náà. "Kí lo sọ nípa Colin?"

"Mo ní ẹ̀yin ni bàbá rẹ̀."

"Colin ti kú, Adéọlá."

"Mo mọ̀. Ṣé ikú wá ní kí ẹ má jẹ́ bàbá rẹ̀ mọ́ ni?"

Omi bọ́ lójú wọn sórí ìrọ̀rí. "Kò sẹ́ni tó ń dárúkọ rẹ̀ níwájú mi. Ẹ̀rù mi ń bà wọ́n."

"Ó ba èmi náà."

"Tún un sọ."

Mo tún un sọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Nígbà tí mo dé ibi Bàbá Colin, wọ́n mi orí.

"Kí ló wà nínú abọ́ yẹn?"

"Kọ́sítáàdì."

"Ó ti tutù."

"Ẹ ò tètè dá mi lóhùn ni."

Wọ́n jẹ ẹ́ kọjá ààbọ̀. Nígbà tí obìnrin council náà padà wá, ó bá wọn lójú fèrèsé, wọ́n ń bá mi jà pé ẹyin mi le jù. Ó rẹ́rìn-ín, ó dì mọ́ mi lẹ́nu ọ̀nà. Baba ò lọ síbì kankan.

Àwọn fúnra wọn ló ní kí n máa pe àwọn ní ohun tí mo pè wọ́n lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Nígbà tí Tolú gbọ́ ọ lórí fóònù, ó pariwo, "Daddy who? Auntie, kò sí nínú care plan o!"

"Kọ ọ́ sínú ìwé ìtọ́jú wọn," ni mo wí. Ó sì kọ ọ́.

Nígbà tí mo ń sún mọ́ ìfẹ̀yìntì, ọ́fíìsì wa máa ń ní kí n mú àwọn kẹ́rà tuntun dání. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ti ilé wá bíi tèmi, wọ́n sì máa ń béèrè bí ẹnu wọn yóò ṣe gbé orúkọ àgbà. Mo máa ń ní kí wọ́n bi baba tàbí ìyá náà pé ta ló sọ yín lórúkọ yìí, kí wọ́n sì fara balẹ̀ gbọ́. Ẹni bá gbọ́ ọ tán, yóò mọ ohun tó máa pè é.

Daddy Colin lo ìgbà òtútù mìíràn, wọ́n tún lo òmíràn, nínú ilé wọn. Ọ̀sán kan tí oòrùn ràn ni wọ́n lọ. A ti gbé bẹ́ẹ̀dì wọn sójú fèrèsé, nọ́ọ̀sì tó wà lọ́dọ̀ wọn ti sọ fún mi pé kò ní í pẹ́ mọ́. Mo di ọwọ́ wọn mú. Nígbà tí mo rí i pé èémí wọn ń jìn síra, mo la ẹnu láti pe Arnold bí mo ṣe pè é lọ́jọ́sí.

Mo pa ẹnu náà dé. Ilé wọn ni wọ́n wà, bí wọ́n ṣe fẹ́, kò sí ohun tí mo fẹ́ pè wọ́n padà wá ṣe. Mo rántí òwe tí mo fi sunkún nínú bọ́ọ̀sì, mo sì bá a jà nínú mi. Baba yìí bímọ.

Mo tẹ̀ mọ́lẹ̀, mo fẹnu sún mọ́ etí wọn.

"Ẹ máa lọ, Daddy Colin. Ẹ bá mi kí Colin."