Àkúrẹ́ Ni Wọ́n Wà

Nígbà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ yọ Èkìtì kúrò lára Ìpínlẹ̀ Oǹdó, iṣẹ́ olùkọ́ ni mò ń ṣe ní Adó, ṣùgbọ́n kóòtù ni mo fẹ́ràn. Lọ́jọ́ tí n kò bá ní kíláàsì, màá lọ jókòó sórí bẹ́ǹṣì ẹ̀yìn, màá máa gbọ́ ẹjọ́. Mo ti ka ìwé òfin kan títí ẹ̀yìn rẹ̀ fi já.

Lọ́jọ́ kan, akọ̀wé kóòtù pe orúkọ àbúrò bàbá mi obìnrin, tí gbogbo wa ń pè ní Màmá. Oko kòkó tí òun àti ọkọ rẹ̀ dá lọ́nà Ìgbàrà-Odò ni ẹjọ́ náà dá lé. Nígbà tí ọkọ kú, kóòtù ìbílẹ̀ ní Ìkẹ́rẹ́ gbé oko fún àbúrò ọkọ. Màmá pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn sí Àkúrẹ́. Ibẹ̀ ni wọ́n ti dá ọjọ́ yìí fún wọn, kí wọ́n tó kó fáìlì àwa ará Èkìtì wá sí Adó. Kò sẹ́ni tó sọ fún Màmá. Èmi náà kò mọ̀.

Mẹ́sẹ́ńjà bọ́ sí fàràńdà, ó ké orúkọ Màmá lẹ́ẹ̀mẹta, ó ké ti àbúrò ọkọ bákan náà. Kò sẹ́ni tó dáhùn.

Mo dìde. "Olúwa mi, Àkúrẹ́ ni wọ́n máa wà."

"Ṣé lọ́yà wọn ni yín?" ni adájọ́ bi mí.

"Rárá, sà."

"Ṣé ẹ wà nínú ẹjọ́ náà?"

"Rárá, sà. Ẹbí mi ni."

"Ẹ jókòó. A ti lẹ ìwé pé ibí ni ẹjọ́ wà báyìí mọ́ bọ́ọ̀dù níta."

Ọkùnrin tó jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi rẹ́rìn-ín. "Lọ́yà tí kò ní wíìgì! Ẹ rọra o, kí wọ́n má tì yín mọ́lé."

Adájọ́ ní nígbà tí ẹnì kankan kò wá, òun da ẹjọ́ náà nù. Ìdájọ́ Ìkẹ́rẹ́ dúró. Wọ́n pe ẹjọ́ tó kàn.

Nírọ̀lẹ́, mo bá Màmá ní Ìkẹ́rẹ́, ó ki ẹsẹ̀ bọ inú omi gbígbóná.

"A dé ulé ẹjọ́, kò sẹ́nìkan! Wọ́n ní ká lọ béèrè ní Adó. Àbúrò ọkọ mi yẹn tiẹ̀ ra ọ̀gẹ̀dẹ̀ fún mi. Mo ní kó má rò pé ọ̀gẹ̀dẹ̀ ló máa fi gba kòkó mi."

Mo sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ fún un. Ó yọ ẹsẹ̀ nínú omi.

"Ta ló gbọ́ tẹnu mi kí wọ́n tó dà á nù?"

Mo ṣàlàyé pé a lè bẹ kóòtù kó dá ẹjọ́ náà padà, bí ìdí tí kò fi wá bá tẹ́ wọn lọ́rùn.

"Ṣebí mo lọ sí Àkúrẹ́. Ṣé ìyẹn kì í ṣe ìdí ni?"

"Ìdí ni, Màmá. Ṣùgbọ́n ó máa pẹ́."

Kí a tó rí lọ́yà, àbúrò ọkọ ti gbọ́ pé wọ́n da ẹjọ́ náà nù. A bá a lóko pẹ̀lú àwọn ọmọ rẹ̀, wọ́n ń fi dòjé já kòkó tó ti pọ́n. Ó kí Màmá tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Èmi ni Màmá kọjú sí.

"Ṣé òfin tí o kà kò lè dá wọn dúró?"

"Kò lè dá wọn dúró lónìí, Màmá."

A dúró lẹ́bàá ọ̀nà, à ń gbọ́ bí kòkó ṣe ń já bọ́.